Ẹlẹ́rìí ni ìwé láàbù, kì í ṣe adájọ́

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. A máa ń pa òwe yẹn fún ẹni tó bá fẹ́ dá sí ìjà tọkọtaya, tàbí ìjà onílé àti ayálégbé. Ṣùgbọ́n ibì kan wà tí àwa tí à ń gbé Mowe, Ibafo àti Ifo ti ń gbọ́ ẹjọ́ ẹnìkan dá, tí ẹnikẹ́ni kì í sì í bá wa wí. Orí ìwé èsì àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ ni. Bí láàbù bá ti lè tẹ "positive" síbẹ̀, ẹjọ́ ti parí. Bó bá jẹ́ "negative" ni wọ́n tẹ̀, ẹjọ́ ti parí náà nìyẹn. Kò sẹ́ni tó máa bi ìwé yẹn léèrè ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo.

Àìsàn kan wà tí ìwà yìí ń dá kún ìyà àwọn tó ní in. Systemic sclerosis ni àwọn dọ́kítà ń pè é, scleroderma ni ọ̀pọ̀ èèyàn mọ̀ ọ́n sí. Ó máa ń mú awọ ara le bí awọ ìlù, kò sì dúró lára awọ nìkan: ó lè wọ ẹ̀dọ̀fóró, kíndìnrín, ọkàn àti ọ̀nà ọ̀fun. Kì í ràn. Kì í ṣe ẹ̀tẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò fi ránṣẹ́ síni. Àwọn ọmọ ogun ara, ìyẹn àwọn èròjà inú ẹ̀jẹ̀ tó yẹ kó máa bá àìsàn jà, tí wọ́n ń pè ní áńtíbọ́dì, ló kọjú ìjà sí ara tó ni wọ́n. Obìnrin ló máa ń mú jù, pàápàá láàárín ọdún 30 sí 50. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ Queen Latifah, olórin àti òṣèré Amẹ́ríkà nì, Rita Owens, ìyá rẹ̀ tó kú lọ́dún 2018, ní scleroderma, ó sì wọ ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀. Ọmọ rẹ̀ fúnra rẹ̀ ló ń sọ ọ́ káàkiri kí àwọn ẹlòmíì lè tètè mọ̀.

Bí nǹkan tí kò tó nǹkan ló ṣe máa ń bẹ̀rẹ̀. Bí òtútù bá kan ọwọ́, ìka á kú, á máa ta èèyàn. Raynaud ni wọ́n ń pe ìyẹn. Lára òyìnbó, ìka á funfun, á dà bí aró, lẹ́yìn náà á pọ́n. Lára tiwa, àwọ̀ yẹn kì í hàn bẹ́ẹ̀, àfi kí èèyàn wo àtẹ́lẹwọ́ àti abẹ́ èékánná dáadáa. Tó bá yá, ìka á máa wú, òrùka ò ní wọlé mọ́. Oúnjẹ á máa padà wá sí ọ̀fun. Awọ ìka á fà, á máa dán, ọwọ́ ò ní lè di ẹ̀ṣẹ́ mọ́. Lára ọ̀pọ̀ aláwọ̀ dúdú, àmì funfun tótòtó á tún yọ sí àyà, ọrùn tàbí iwájú orí, bí ìgbà téèyàn da iyọ̀ mọ́ ata. Ibẹ̀ yẹn ni àdúgbò ti máa ń bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ pé ẹ̀tẹ̀ ni, àbí pé ọwọ́ ayé ni.

Ẹ má sọ pé àìsàn òyìnbó ni. Lọ́dún 1968, Brian Greenwood, dọ́kítà ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó ṣiṣẹ́ ní UCH Ìbàdàn, kọ ọ́ sínú ìwé ìmọ̀ ìṣègùn The Lancet pé irú àwọn àìsàn tí ara ti ń bá ara rẹ̀ jà yìí ṣọ̀wọ́n láàárín ọmọ Nàìjíríà. Ó fura pé ibà àti àwọn kòkòrò tó ń gbé inú ara wa lè wà lára ohun tó fà á. Ó lè ṣọ̀wọ́n lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ohun tó ṣọ̀wọ́n yàtọ̀ sí ohun tí kò sí. Lọ́dún 2009, Ọ̀jọ̀gbọ́n Fẹ́mi Adélọ́wọ̀, ọ̀kan lára àwọn àgbà dọ́kítà làkúrègbé ní ilẹ̀ wa, tó ṣiṣẹ́ ní LASUTH Ìkẹjà, òun àti ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ Oguntona gbé àpilẹ̀kọ jáde lórí scleroderma láàárín àwọn ọmọ Nàìjíríà. Àwọn aláìsàn náà wà. Ojú tó mọ ohun tó ń wò ni kò tó.

Òfin ni mo kà o, mi ò ka ìṣègùn. Ṣùgbọ́n ní àdúgbò wa ní Mowe, bí wọ́n bá ti mọ̀ pé èèyàn kàwé òfin, gbogbo ìwé tó bá ti jẹ́ èdè òyìnbó ló di tiẹ̀: ìwé ilẹ̀, ìwé báńkì, ìwé ọlọ́pàá, títí dé ìwé láàbù. Bí ìwé méjì ṣe dé ọwọ́ mi láàárín ọdún kan nìyẹn.

Èkíní jẹ́ ti ìyá kan tó ń ta ẹja yìnyín ní Ibafo. Ọwọ́ rẹ̀ kì í kúrò nínú fírísà. Ó ní ìka òun máa ń kú, oríkèé sì ń ro òun. Ìlà kan ṣoṣo ló wà lórí ìwé rẹ̀: ANA, positive. Kò sí iye, kò sí àlàyé. Ọmọ rẹ̀ ti tẹ ANA sórí Google, wọ́n ti rí lupus, wọ́n ti rí scleroderma, ẹkún sì ti bẹ̀rẹ̀ nínú ilé.

Èkejì jẹ́ ti aránṣọ kan ní Ifo. Obìnrin náà kò lè di abẹ́rẹ́ mú dáadáa mọ́, awọ ìka rẹ̀ ti fà, ó ń dán. Negative ni ìwé tiẹ̀ sọ. Wọ́n ní kó máa lo oògùn làkúrègbé. Àwọn ará ilé dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, wọ́n ká ìwé náà sínú dúrọ́ọ̀, ọwọ́ rẹ̀ sì ń le sí i lójoojúmọ́.

Nínú àwọn méjèèjì, ọ̀rọ̀ ta lẹ rò pé ó le jù? Bó bá jẹ́ ìwé nìkan lẹ wò, ẹ máa ṣi ẹjọ́ yẹn dá.

Kí ni ANA gan-an? Áńtíbọ́dì tó ń kọlu kóró inú ohun tín-ín-tìn-ìn-tín tí wọ́n fi mọ ara wa ni. Ọ̀nà tó gbajúmọ̀ jù láti wá a rèé. Wọ́n á kán omi ẹ̀jẹ̀ aláìsàn sórí gíláàsì tí wọ́n ti tẹ́ irú àwọn ohun tín-ín-tìn-ìn-tín bẹ́ẹ̀ sí. Bí áńtíbọ́dì bá wà nínú ẹ̀jẹ̀ náà, á lẹ̀ mọ́ ọn. Wọ́n á fi nǹkan mìíràn tó ń tàn yòò lé e, wọ́n á sì wò ó lábẹ́ iná àrà ọ̀tọ̀. Bó bá tan àwọ̀ ewé, ó wà. Ẹni tó ń wò ó á tún kọ bí ìmọ́lẹ̀ náà ṣe rí sílẹ̀: ṣé tótòtó ni, ṣé gbogbo rẹ̀ ló tàn, àbí àárín gbùngbùn kóró náà nìkan. Ìrísí yẹn ṣe pàtàkì, torí pé ó máa ń júwe irú áńtíbọ́dì tó ṣeé ṣe kó jẹ́.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ fẹ́ràn ìtàn, ẹ gbọ́ èyí. Ohun tín-ín-tìn-ìn-tín tí ọ̀pọ̀ láàbù lágbàáyé ń tẹ́ sórí gíláàsì yẹn ni HEp-2. Àyẹ̀wò ìran ti fi hàn pé HEp-2 tó wà káàkiri lónìí, ara Henrietta Lacks ló ti wá, obìnrin aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà tí jẹjẹrẹ pa ní Baltimore lọ́dún 1951, tí wọ́n mú nǹkan lára rẹ̀ láì gba àṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀. Ọdún 2023 ni ìdílé rẹ̀ àti iléeṣẹ́ Thermo Fisher ṣẹ̀ṣẹ̀ yanjú ẹjọ́ tó wà láàárín wọn. Torí náà, bí wọ́n bá fi ọ̀nà yìí yẹ ẹ̀jẹ̀ ọmọ Ibafo wò, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ara obìnrin dúdú ni wọ́n fi ṣe é.

Ó dáa, kí ni iye tí wọn ò kọ sí ìwé ìyá ẹlẹ́ja yẹn? Ẹ wò ó bí ọbẹ̀ tó ta jù. Bí ẹ bá ń bu omi là á, tó ṣì ń ta yín lẹ́nu lẹ́yìn omi púpọ̀, a jẹ́ pé ata inú rẹ̀ pọ̀ gan-an. Bẹ́ẹ̀ náà ni láàbù ṣe máa ń la ẹ̀jẹ̀: 1:40, 1:80, 1:160, ó ń lọ bẹ́ẹ̀, títí ìmọ́lẹ̀ yẹn á fi kú. Nínú ìwádìí kan tí Tan àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé jáde lọ́dún 1997, lára àwọn tí ara wọn le koko, bí 32 nínú 100 ló ní ANA nígbà tí wọ́n là á dé 1:40. Ní 1:80, ó jẹ́ bí 13. Ní 1:160, ó jẹ́ 5. Ẹ ò rí i pé "positive" tí kò ní iye kò sọ nǹkan kan? Àwọn àìsàn tó wọ́pọ̀ níbí, tó fi mọ́ ibà, náà lè mú kí irú áńtíbọ́dì bẹ́ẹ̀ yọjú. Ìdí nìyẹn tí ANA kì í fi í ṣe ohun tí èèyàn ń kó mọ́ àyẹ̀wò gbogbo ara nítorí pé ó rẹ̀ ẹ́.

Nígbà tí ìyá yẹn dé ọ̀dọ̀ dọ́kítà tó mọ̀ nípa rẹ̀ ní Èkó, wọ́n tún àyẹ̀wò náà ṣe: 1:80. Wọ́n wo awọ rẹ̀, wọ́n fi awò wo etí èékánná rẹ̀, wọ́n gbọ́ ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀. Kò sí nǹkan. Wọ́n ní kó máa wọ ìbọ̀wọ́ tó nípọn kó tó ki ọwọ́ bọ fírísà, kó sì máa padà wá fún àyẹ̀wò.

Ti aránṣọ Ifo ló le. Lóòótọ́, ó lé ní 90 nínú 100 àwọn tó ní scleroderma tí ANA máa ń jáde lára wọn. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tí wọ́n gbà wá a ṣe kókó. Ẹ̀rọ mìíràn wà tí kì í lo gíláàsì àti iná. Áńtíbọ́dì mélòó kan tí wọ́n ti kó sínú rẹ̀ nìkan ló mọ̀. Ó yá, ó sì rọrùn. Àmọ́ bó bá jẹ́ áńtíbọ́dì tí kò sí nínú ẹ̀rọ náà ni aláìsàn ní, á ní kò sí nǹkan. Ọ̀kan lára irú rẹ̀ ni U3-RNP, èyí tó máa ń tàn ní àárín gbùngbùn kóró. Àwọn ìwádìí tí wọ́n ṣe ní Amẹ́ríkà fi hàn pé ó wọ́pọ̀ lára aláwọ̀ dúdú tó ní scleroderma ju lára òyìnbó lọ, kò sì sí nínú ọ̀pọ̀ àyẹ̀wò tí wọ́n ń tà lọ́jà. Ẹ ti rí i báyìí: àyẹ̀wò tí wọ́n fi ara òyìnbó díwọ̀n lè fo tiwa dá. Ẹ̀rọ yẹn ni wọ́n lò fún aránṣọ wa. Nígbà tí wọ́n fi gíláàsì àti iná ṣe é, ó tàn yòò ní àárín gbùngbùn kóró. Ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ ni wọ́n ń tọ́jú báyìí. Oṣù mẹ́sàn-án ló wà láàárín ìwé àkọ́kọ́ àti ìkejì.

Bí ANA bá jáde tí ara sì ní àmì, àwọn ẹlẹ́rìí mìíràn wà tí dọ́kítà máa ń pè. Anti-centromere sábà máa ń bá irú tí awọ líle rẹ̀ kì í kọjá ìgúnpá rìn, tó ń rọra ṣe, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀jẹ̀ lè máa ru nínú ẹ̀dọ̀fóró lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún. Scl-70 sábà máa ń bá irú tó tàn ká ara rìn, ẹ̀dọ̀fóró sì ni ìbẹ̀rù ibẹ̀. RNA polymerase III ní tiẹ̀ máa ń kìlọ̀ nípa kíndìnrín: ẹ̀jẹ̀ lè dédé ru sókè, kí kíndìnrín sì dáwọ́ iṣẹ́ dúró láàárín ọjọ́ mélòó kan.

Ẹ dúró níbẹ̀ yẹn díẹ̀, torí ọ̀rọ̀ náà kan kẹ́míìsì àdúgbò wa. Prednisolone, oògùn tí ọ̀pọ̀ èèyàn ń rà fún làkúrègbé láì gba ìwé lọ́wọ́ dọ́kítà, lè fa irú ìjàǹbá kíndìnrín yìí lára ẹni tó ní scleroderma, pàápàá tó bá kọjá mílígíráàmù 15 lójúmọ́. Oògùn wà fún ìjàǹbá náà. Captopril àti àwọn ẹbí rẹ̀ ni. Kí wọ́n tó ṣàwárí wọn, ọ̀pọ̀ tó bá ṣe kì í lo ọdún kan. Ṣùgbọ́n ó dìgbà tí ẹnì kan bá tètè wọn ẹ̀jẹ̀ ríru kí oògùn náà tó lè ṣiṣẹ́.

Báwo ni àwọn dọ́kítà fúnra wọn ṣe ń wo ìwé láàbù? Lọ́dún 2013, ẹgbẹ́ àwọn dọ́kítà làkúrègbé ti Amẹ́ríkà àti ti Yúróòpù fẹnu kò lórí máàkì. Fún ìwádìí ni wọ́n ṣe é, ṣùgbọ́n ó kọ́ wa lẹ́kọ̀ọ́. Ẹni tó bá gba 9 ni wọ́n á kà mọ́ àwọn tó ní systemic sclerosis. Bí awọ ìka ọwọ́ méjèèjì bá ti le kọjá oríkèé tí ìka ti pàdé àtẹ́lẹwọ́, 9 nìyẹn lẹ́ẹ̀kan náà, láì tíì fa ẹ̀jẹ̀ kankan. Áńtíbọ́dì ńkọ́? 3 péré ni. Raynaud, 3. Ìka wíwú, 2. Ẹ ro mẹ́ta yìí pọ̀, 8 ni, kò tíì pé. Èdè mìíràn, ojú àti ọwọ́ dọ́kítà wúwo ju ìwé lọ.

Ẹ má tìtorí èyí sọ pé ìwé ò wúlò o. Wọ́n tọ́jú àkọsílẹ̀ àwọn 586 tó ní Raynaud ní Kánádà fún ọ̀pọ̀ ọdún, èsì rẹ̀ sì jáde lọ́dún 2008. Lára àwọn tí áńtíbọ́dì scleroderma wà lára wọn, tí etí èékánná wọn náà sì fi àmì hàn, bí 80 nínú 100 ló padà ní àìsàn náà. Lára àwọn tí kò ní ọ̀kankan nínú méjèèjì, kò tó 2 nínú 100. Nígbà tí ẹlẹ́rìí méjì bá sọ ohun kan náà, ẹ̀rí wọn ń fìdí múlẹ̀.

Ibi tí òfin ti wọ̀ ọ́ rèé. Òfin Ìlera ti Orílẹ̀-èdè Nàìjíríà, ọdún 2014, abala 23, sọ pé ẹni tó ń tọ́jú aláìsàn gbọ́dọ̀ ṣàlàyé fún un bí ara rẹ̀ ṣe wà, àwọn àyẹ̀wò àti ìtọ́jú tó wà, àǹfààní wọn, ewu wọn àti iye owó wọn. Ó tún sọ pé níbi tó bá ti ṣeé ṣe, kó ṣe é ní èdè tó yé aláìsàn, kó sì wo bí ó ṣe kàwé tó. Ẹ tún un kà: èdè tó yé aláìsàn. Ní Ifo, èdè wo nìyẹn bí kò ṣe Yorùbá? Ẹni tó fi ìwé onílà kan ránṣẹ́ lórí WhatsApp, tí kò sì sí ẹni tó máa túmọ̀ rẹ̀, kò tíì ṣe ohun tí òfin ní kí wọ́n ṣe. Ẹgbẹ́ àwọn dọ́kítà làkúrègbé Amẹ́ríkà náà ti là á sílẹ̀ pé kí láàbù máa kọ ọ̀nà tó gbà ṣe ANA sórí èsì. Kò ná láàbù ní nǹkan kan ju ìlà kan sí i lọ.

Torí náà, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tẹ́ ẹ máa ń tẹ̀ lé ìyá yín lọ gba èsì, ìbéèrè mẹ́ta ni kẹ́ ẹ bi láàbù. Ṣé gíláàsì àti iná lẹ fi ṣe é, àbí ẹ̀rọ? Ẹ là á dé ibo kó tó kú? Báwo ni ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ṣe rí? Bí wọn ò bá lè dáhùn, ìwé yẹn kò tíì ṣeé gbé lé. Kẹ́ ẹ tún ní kí dọ́kítà tàbí nọ́ọ̀sì fọwọ́ kan awọ ìka, kó wọn ẹ̀jẹ̀ ríru, kó yẹ ìtọ̀ wò, kó gbọ́ ẹ̀dọ̀fóró. Kò sí èyí tó nílò Èkó nínú wọn. Ilé ìwòsàn ìjọba ní Ifo lè ṣe é.

Fún ìjọba Ògùn, ohun tí mò ń bèèrè kéré. Ẹ kọ àwọn àmì yìí sí ara ògiri ilé ìwòsàn kéékèèké tó wà láti Ọ̀fàdà dé Ifo: ìka tó ń kú nínú òtútù, ìka tó wú, awọ tó fà, àmì iyọ̀ àti ata. Ẹ ṣètò kí ẹ̀jẹ̀ máa wọ ọkọ̀ lọ sí ibi tí àyẹ̀wò tó péye wà, dípò kí aláìsàn máa jí ní aago mẹ́rin wá ọkọ̀ Èkó. Òfin ọdún 2022 ti sọ ètò adójútòfò ìlera di dandan fún gbogbo olùgbé Nàìjíríà; ẹ jẹ́ ká gbọ́ ní gbangba bóyá àyẹ̀wò áńtíbọ́dì wà nínú tiwa, àti iye tí aláìsàn máa san. Ẹni tó ń ta ẹja kò lè dá a san nígbà gbogbo.

Ní ilé ẹjọ́, wọn kì í jẹ́ kí ẹlẹ́rìí kan wọlé, kó sọ ọ̀rọ̀ kan, kó sì jáde láì sẹ́ni tó bi í ní nǹkan. Ẹ bá mi tú dúrọ́ọ̀ ilé yín lónìí. Bí ìwé tó kọ "negative" bá wà níbẹ̀, tí ẹni tó ni ín kò sì lè di ẹ̀ṣẹ́ mọ́, ẹjọ́ yẹn kò tíì parí.